Ọ̀rúnmìlà Kò Bá Afùwàpẹ́ Yan Orí

Ìtàn tí mo fẹ́ tú lónìí wá láti inú Ògúndá Méjì, ọ̀pọ̀ nínú yín ni ó sì ti gbọ́ ọ rí. Ìdí tí mo fi tún gbé e kalẹ̀ ni pé ohun kan ń ṣẹlẹ̀ ní Ìkẹ́rẹ́, ní Ìsẹ̀, ní Ẹmùré àti ní gbogbo ìhà gúúsù Èkìtì yìí, tí àwa tí a ń jókòó sídìí ọpọ́n mọ̀ dáadáa, tí a kì í sì í sọ síta.

Ọ̀rọ̀ àwọn ọ̀dọ́ ni. Ẹ máa rí ọmọkùnrin kan tí ìrìn rẹ̀ rọ̀, tí ohùn rẹ̀ tín-ín-rín, tí kì í bá ẹgbẹ́ rẹ̀ du bọ́ọ̀lù, tí àwọn ènìyàn sì ń fura pé ọkùnrin bíi tirẹ̀ ni ọkàn rẹ̀ ń fà sí. Ẹ máa rí ọmọbìnrin kan tí ó ń múra bí ọkùnrin, tí orúkọ ọ̀rẹ́bìnrin rẹ̀ kì í wọ́n lẹ́nu rẹ̀. Bóyá òtítọ́ ni ìfura náà, bóyá irọ́ ni, kò sí ẹni tí ó dúró wádìí. Wọ́n á kọ́kọ́ sọ ọmọ náà lórúkọ, irú orúkọ tí n kò lè kọ síhìn-ín. Orúkọ náà á tẹ̀lé e láti ilé-ìwé dé ọ̀nà odò, á tẹ̀lé e dé ọjà. Lẹ́yìn orúkọ ni ìgbátí. Lẹ́yìn ìgbátí, wọ́n á dè é lọ́nà, wọ́n á bọ́ ọ láṣọ, wọ́n á fi fóònù ya àwòrán rẹ̀, kí wọ́n lè máa fi dẹ́rù bà á pé àwọn yóò fi ránṣẹ́ sí baba rẹ̀.

Nígbà tí òbí bá wá gbọ́, ọ̀dọ̀ pásítọ̀ ni ó máa sáré lọ, tàbí ọ̀dọ̀ àáfà, tàbí ọ̀dọ̀ wa. Ẹ̀bẹ̀ tí wọ́n ń bẹ̀ kò yàtọ̀ síra: “Baba, ẹ bá wa ṣe é kí ó yí padà.” Mo ti jókòó sídìí Ifá pẹ́, n kò sì tí ì rí òbí kan tí ó jókòó níwájú mi tí ó sọ pé: “Baba, wọ́n ń lu ọmọ mi. Ẹ bá mi wá bí wọn yóò ṣe ṣíwọ́.” Ìyẹn ni ó mú mi kọ ọ̀rọ̀ yìí.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ìtàn náà fún ẹni tí kò mọ̀ ọ́n. Ọ̀rẹ́ mẹ́ta ni wọ́n: Oríṣẹ́ẹ̀kú ọmọ Ògún, Orílèémèrè ọmọ Ìja, àti Afùwàpẹ́ ọmọ Ọ̀rúnmìlà. Wọ́n ń ti òde ọ̀run bọ̀ wá sí òde ayé, wọ́n sì gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ dé ilé Àjàlá, amọ̀kòkò tí ń mọ orí, kí olúkúlùkù wọn yan èyí tí yóò gbé wá sáyé. Wọ́n kìlọ̀ fún wọn pé wọn kò gbọdọ̀ yà sí ilé baba wọn. Àwọn méjì àkọ́kọ́ pa ìkìlọ̀ mọ́, wọ́n ń lọ tààrà. Afùwàpẹ́ ní òun kò lè ṣàì fojú kan baba òun. Ó yà.

Bí Ọ̀rúnmìlà ti gbọ́ ibi tí ọmọ rẹ̀ ń lọ, ó pe àwọn awo rẹ̀ jọ, wọ́n dífá fún ọmọ náà. Wọ́n ní kí wọ́n fi iyọ̀ àti owó rúbọ. Wọ́n rú u. Àwọn awo lo díẹ̀ nínú rẹ̀, wọ́n di ìyókù fún Afùwàpẹ́, wọ́n ní kí ó máa gbé e lọ sọ́nà.

Oríṣẹ́ẹ̀kú àti Orílèémèrè ti dé ilé Àjàlá ní tiwọn. Wọn kò bá onílé. Sùúrù wọn kò gùn, ni wọ́n bá wọ ibi tí orí wà, wọ́n mú èyí tí ó wù wọ́n lójú. Orí tí kò jiná ni èyí tí ọ̀kan mú, èyí tí ó ti sán ni ti èkejì. Bí wọ́n ti gbé e dé ọ̀nà, òjò bẹ̀rẹ̀ sí í rọ̀, òjò náà ń pa orí wọn, amọ̀ ń yọ́ dànù. Nígbà tí wọ́n dé ayé, gbogbo iṣẹ́ tí wọ́n ṣe, orí tí òjò ti jẹ ni wọ́n fi ń tún.

Afùwàpẹ́ dé ẹnu ibodè, ó bá oníbodè tí ń se ọbẹ̀, eérú ni ó ń bù sínú rẹ̀. Ó bi í léèrè ìdí rẹ̀. Oníbodè ní ohun tí àwọn fi ń se ọbẹ̀ nìyẹn. Afùwàpẹ́ bu iyọ̀ sí i, oníbodè tọ́ ọ wò, inú rẹ̀ dùn, ni ó bá tú àṣírí fún un: Àjàlá jẹ gbèsè, orí àjà ni ó ń sá sí nígbàkígbà tí olówó bá dé. Kí Afùwàpẹ́ san gbèsè náà, kí ó sì bẹ Àjàlá kí ó bá a yan orí. Bẹ́ẹ̀ gan-an ni ó rí. Ó san gbèsè, Àjàlá sọ̀ kalẹ̀, ó mú un wọ inú ilé orí, ó ń fi ọ̀pá irin lu wọn lọ́kọ̀ọ̀kan, títí ó fi kan èyí tí ó dún gbọnmọ-gbọnmọ. Ó ní kí ó gbé e. Òjò rọ̀ sí orí Afùwàpẹ́ lọ́nà bí ó ti rọ̀ sí ti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀. Kò ràn án.

A máa ń sọ ìtàn yìí láti fi kọ́ ènìyàn pé orí ni ó ń gbé ire wá, ẹ̀kọ́ náà sì tọ́. Ṣùgbọ́n ẹ bá mi wo Ọ̀rúnmìlà nínú rẹ̀, nítorí òbí ni ó jẹ́ níbẹ̀ kí ó tó jẹ́ awo. Baba ẹ̀rí ìpín ni, ó wà níbẹ̀ nígbà tí ẹ̀dá ń yan orí, bí a ṣe ń kì í lójoojúmọ́. Bí bàbá kan bá wà ní ayé àti ní ọ̀run tí ó ní ẹ̀tọ́ láti bá ọmọ rẹ̀ dé ilé Àjàlá kí ó sì nawọ́ sí èyí tí ó fẹ́, òun ni. Kò lọ. Kò rán ọmọ ní irú orí tí yóò mú bọ̀. Kò tilẹ̀ bá a wí pé ó yà lọ́nà. Ohun tí ó ṣe ni pé ó ṣílẹ̀kùn fún un, ó dífá fún un, ó di iyọ̀ àti owó lé e lọ́wọ́, ó jẹ́ kí ó máa lọ. Iyọ̀ náà ni ó sọ àjèjì ẹnu ibodè di ọ̀rẹ́ ọmọ rẹ̀.

Ẹsẹ yìí kò sọ ohunkóhun nípa ọkùnrin tí ó fẹ́ràn ọkùnrin. N kò ní fi ọ̀rọ̀ tí Ifá kò sọ sí Ifá lẹ́nu, mo sì bẹ àwọn tí wọ́n ń ṣe bẹ́ẹ̀ níbi gbogbo, ìbáà jẹ́ láti gbè wọ́n lẹ́yìn tàbí láti dá wọn lẹ́bi, kí wọ́n rọra. Èyí tí ẹsẹ náà sọ ni ibi tí agbára òbí mọ. Òbí ni ó bí ọmọ, kò bí orí rẹ̀. Nígbà tí ọmọ kúnlẹ̀ yàn, òbí kò sí níbẹ̀. Ẹni tí ó bá gbà pé àkúnlẹ̀yàn wà, tí ó wá ń na ọmọ ọdún mẹ́rìnlá kí ó lè di ẹlòmíràn, ohun tí ó ń ṣe kò bá ohun tí ó ní òun gbà gbọ́ mu.

Ohun kejì wà nínú ìtàn náà tí ó máa ń wọ̀ mí lára. Òjò kan náà ni ó rọ̀ sí àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Afùwàpẹ́ kò rí òjò tirẹ̀ tí ó rọ̀ jẹ́ẹ́jẹ́. Ìyàtọ̀ tí ó wà láàrin wọn bẹ̀rẹ̀ láti ibi tí ọ̀kan ti yà sí ilé baba rẹ̀ tí baba náà kò lé e. Ẹ wo àwọn ọmọ tí à ń sọ yìí. Wọ́n nà wọ́n ní ilé-ìwé, wọn kò lè sọ nílé, nítorí bí wọ́n bá sọ pé wọ́n nà àwọn, wọ́n á bi wọ́n pé kí ni wọ́n ṣe, bí wọ́n bá sì sọ orúkọ tí wọ́n ń pè wọ́n, ẹgba nílé á ju ti ilé-ìwé lọ. Lójú wọn, ìkìlọ̀ tí wọ́n fún Afùwàpẹ́ pé kí ó má yà sí ilé baba rẹ̀ ti di òfin. Òjò ń pa wọ́n ní òde, ilẹ̀kùn sì tì.

Àwọn awo ẹgbẹ́ mi kan ti bi mí pé ṣé mo fẹ́ kí a máa so ọkùnrin méjì pọ̀ ní ìgbéyàwó ní ìdí Ifá ni. Mo máa ń dá wọn lóhùn pé ìbéèrè yẹn kọ́ ni a gbé wá sórí ẹní. Ọmọ ọdún mẹ́tàlá kò wá bèèrè ìgbéyàwó. Ó ń wá bí yóò ṣe dé ilé-ìwé kí ó sì padà délé láìjẹ́ pé eyín rẹ̀ ká. Mo mọ̀ pé ire ọmọ tóbi nínú Ifá, mo mọ iye ìgbà tí a ń gbàdúrà kí obìnrin fi ọwọ́ ṣe abiyamọ kí ọkùnrin sì di bàbá. Ṣùgbọ́n ire àìkú ni a máa ń kọ́kọ́ tọrọ. Òkú kò bímọ.

Àwọn mìíràn á sọ pé òfin orílẹ̀-èdè ti dájọ́. Òótọ́ ni pé ààrẹ Goodluck Jonathan fọwọ́ sí òfin kan ní oṣù Kìíní ọdún 2014. Òfin náà ní ẹ̀wọ̀n ọdún 14 fún ọkùnrin sí ọkùnrin tàbí obìnrin sí obìnrin tí wọ́n bá fẹ́ ara wọn, àti ẹ̀wọ̀n ọdún 10 fún ẹni tí ó bá dá ẹgbẹ́ wọn sílẹ̀ tàbí tí ó bá ń tì í lẹ́yìn. Mo ti ka òfin yẹn. Kò sí ibi tí ó ti ní kí ọmọ ilé-ìwé lu ẹnìkejì rẹ̀, kò sí ibi tí ó ti fún àwọn géńdé àdúgbò ní àṣẹ ọlọ́pàá tàbí ti adájọ́. Síbẹ̀, oṣù tí ó tẹ̀lé e gan-an, ní òru kan ní abúlé Gishiri ní Àbújá, èrò rẹpẹtẹ wọ ilé lọ fa àwọn ọkùnrin bí mẹ́rìnlá jáde, wọ́n fi igi àti irin lù wọ́n, wọ́n ní àwọn ń fọ àdúgbò àwọn mọ́. Ohun tí òfin kò kọ ni wọ́n kà nínú rẹ̀. Bẹ́ẹ̀, òfin mìíràn wà tí àwọn ènìyàn kì í dárúkọ: Òfin Ẹ̀tọ́ Ọmọdé ti ọdún 2003, tí ìpínlẹ̀ Èkìtì náà ti sọ di tirẹ̀. Abala kọkànlá rẹ̀ sọ pé ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ fi ìyà jẹ ọmọdé ní ara tàbí ní ọkàn, kò sì gbọdọ̀ hùwà àbùkù sí i. Kò ní “àfi ọmọ tí ìrìn rẹ̀ rọ̀.”

Ẹ̀rù ni ó pa àwọn òbí lẹ́nu mọ́, n kò sì bá wọn wí. Ẹni tí ó bá sọ pé “ẹ fi ọmọ mi sílẹ̀” ní gbangba ti jẹ́ kí gbogbo ìlú mọ ohun tí wọ́n ń pe ọmọ rẹ̀. Nítorí pé n kò mọ òbí kan ní agbègbè wa tí ó ti fi orúkọ ara rẹ̀ ṣe bẹ́ẹ̀, tí n óò sì lè dárúkọ rẹ̀ láìfi í sínú ewu, mo ní láti lọ wá àpẹẹrẹ ní òkèèrè, ní ilẹ̀ Amẹ́ríkà.

Olùkọ́ ilé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ni Jeanne Manford ní Queens, ní New York. Ọmọ rẹ̀ ọkùnrin, Morty, jẹ́ ẹni tí ó fẹ́ràn ọkùnrin. Ní oṣù Kẹrin ọdún 1972, wọ́n lù ú níbi tí òun àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ti ń pín ìwé ìfẹ̀hónúhàn, àwọn ọlọ́pàá dúró, wọ́n ń wò wọ́n. Ìyá rẹ̀ kọ lẹ́tà sí ìwé ìròyìn New York Post, ó fi orúkọ ara rẹ̀ sí i, ó sọ irú ẹni tí ọmọ òun jẹ́, ó sì sọ pé òun fẹ́ràn rẹ̀. Ní oṣù Kẹfà ọdún yẹn kan náà, ó bá ọmọ rẹ̀ rìn ní ìgboro New York, ó gbé pátákó dání tí ó fi ń rọ àwọn òbí kí wọ́n dúró ti irú àwọn ọmọ bẹ́ẹ̀. Àwọn ọ̀dọ́ ń sáré wá bá a lójú ọ̀nà pé kí ó jọ̀wọ́ bá àwọn bá òbí àwọn sọ̀rọ̀. Ní ọdún 1973, àwọn ènìyàn bí ogún pàdé nínú ṣọ́ọ̀ṣì Mẹ́tọ́díìsì kan, ìpàdé náà ni ó di ẹgbẹ́ òbí tí a mọ̀ sí PFLAG lónìí. Ó kú ní oṣù Kìíní ọdún 2013. Ìjọba Amẹ́ríkà fi àmì ẹ̀yẹ dá a lọ́lá ní oṣù tí ó tẹ̀lé e.

Ìkejì sún mọ́ wa jù, nítorí aláwọ̀ dúdú bíi tiwa ni. Sirdeaner Walker ni orúkọ rẹ̀, ní Springfield, ní ìpínlẹ̀ Massachusetts. Ọmọ rẹ̀, Carl, jẹ́ ọmọ ọdún 11. Ojoojúmọ́ ni àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ní ilé-ìwé ń pè é ní ọkùnrin tí ń fẹ́ ọkùnrin, wọ́n ń fi ìwọṣọ rẹ̀ ṣe yẹ̀yẹ́, wọ́n ń halẹ̀ mọ́ ọn. Carl fúnra rẹ̀ kò sọ fún ẹnikẹ́ni pé irú ẹni bẹ́ẹ̀ ni òun. Ìyá rẹ̀ kò dákẹ́: ó ń pe ilé-ìwé lọ́pọ̀ ìgbà. Ní ọjọ́ kẹfà oṣù Kẹrin ọdún 2009, ọmọ náà gba ẹ̀mí ara rẹ̀. Ọjọ́ mọ́kànlá péré ni ó kù kí ó pé ọdún 12.

Mo máa ń dúró síbi yìí bí mo bá ń sọ ìtàn rẹ̀, nítorí ìbéèrè tí ènìyàn máa ń fẹ́ béèrè ni pé: ṣé bẹ́ẹ̀ ni ọmọ náà jẹ́ lóòótọ́? Ìyá náà kò jẹ́ kí ìbéèrè yẹn gba ọ̀nà mọ́ òun lọ́wọ́. Ó lè lo ìyókù ayé rẹ̀ láti máa jẹ́rìí pé irọ́ ni wọ́n pa mọ́ ọmọ òun. Dípò bẹ́ẹ̀, ó sọ pé bí ó jẹ́ bẹ́ẹ̀, bí kò jẹ́ bẹ́ẹ̀, kò sí ọmọ kan tí ó yẹ kí ojú rẹ̀ rí ohun tí ojú Carl rí. Oṣù mẹ́ta lẹ́yìn ikú rẹ̀, ní oṣù Keje ọdún 2009, ó dúró níwájú ìgbìmọ̀ ilé aṣòfin Amẹ́ríkà, ó jẹ́rìí. Ní oṣù Karùn-ún ọdún 2010, gómìnà Deval Patrick fọwọ́ sí òfin kan ní Massachusetts tí ó ní kí gbogbo ilé-ìwé ní ètò lórí ìfòòró ọmọ, kí òṣìṣẹ́ tí ó bá rí i máa fi tó ọ̀gá létí, kí ọ̀gá sì wádìí rẹ̀. Òfin ti ọmọ gbogbo ni, kò yọ ẹnikẹ́ni sílẹ̀.

Mo ti gbọ́ tí wọ́n ń sọ pé àṣà òyìnbó ni kí òbí máa dúró ti irú ọmọ bẹ́ẹ̀. Ẹni tí ó bá sọ bẹ́ẹ̀ ní Ìkẹ́rẹ́ kò wo òpó ààfin ìlú rẹ̀ wò. Láàrin ọdún 1910 sí 1914, Ọlọ́wẹ̀, agbẹ́gilére ará Ìsẹ̀, gbẹ́ òpó fún ààfin Ògògà. Ọ̀kan nínú wọn wà ní ilé ìṣẹ̀ǹbáyé ńlá kan ní Chicago báyìí. (Ilẹ̀kùn tí ó gbẹ́ fún ààfin kan náà wà ní London, ó yẹ kí a sọ̀rọ̀ lórí ìyẹn ní ọjọ́ mìíràn.) Lára òpó náà, ọba jókòó lórí ìtẹ́, adé wà lórí rẹ̀, ó sì kéré. Olorì àgbà dúró lẹ́yìn rẹ̀, ó ga jù ú lọ fíofío, ó na ọwọ́ méjèèjì mú ìtẹ́ ọba. Òun ni ó ru ìwúwo òrùlé. Ọlọ́wẹ̀ kò lọ sí Amẹ́ríkà kí ó tó mọ̀ pé ẹni tí ó bá jókòó níwájú ayé nílò ẹni tí yóò dúró lẹ́yìn rẹ̀, kódà bí ó jẹ́ ọba. Mélòó ni ti ọmọdé?

Nínú ìsìn wa pàápàá, èèwọ̀ pọ̀ lórí fífi ẹ̀dá ṣe yẹ̀yẹ́. Àfín, abuké, arọ, ẹni òrìṣà ni gbogbo wọn, ẹni tí ó bá fi wọ́n ṣẹ̀sín, Ọbàtálá ni ó ń bú. N kò fi ọmọ tí mo ń sọ̀rọ̀ rẹ̀ wé aláàbọ̀ ara, nítorí kò sí ohun tí ó ṣe é lára. Ọ̀wọ̀ fún ọwọ́ tí ó mọ ènìyàn ni mo ń tọ́ka sí. Ẹ sì rántí Ọ̀ṣẹ́túrá, bí àwọn òrìṣà ọkùnrin ti pa Ọ̀ṣun tì nínú ìgbìmọ̀ wọn, tí gbogbo ohun tí wọ́n dáwọ́ lé sì dàrú títí wọ́n fi lọ bẹ̀ ẹ́. Wọn kò bèèrè lọ́wọ́ rẹ̀ pé kí ó kọ́kọ́ di ọkùnrin.

Ó yẹ kí àwa ọmọ Awo tètè lóye ọ̀rọ̀ yìí ju ẹlòmíràn lọ, nítorí a ti tọ́ ọ wò. Ọdún díẹ̀ sẹ́yìn, olùkọ́ kan já ìdè Ifá kúrò ní ọwọ́ ọmọbìnrin mi níṣojú gbogbo kíláàsì. Láti ọjọ́ yẹn, “ọmọ Èṣù” ni àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ń pè é. Wọ́n kọ̀ láti bá a jókòó, wọ́n da omi sí ìwé rẹ̀, wọ́n ní àwọn ń lé ẹ̀mí burúkú. Àwa àgbà mẹ́rin wọ aṣọ funfun, a lọ bá ọ̀gá ilé-ìwé náà. A kò pariwo, a kò ṣépè. A bi í bóyá ó mọ ohun tí ń ṣẹlẹ̀ ní ilé-ìwé rẹ̀, a sì jókòó títí ó fi pe olùkọ́ náà. Kò pé ọ̀sẹ̀ méjì tí ọ̀rọ̀ náà fi rọlẹ̀. Ọmọ mi ti dàgbà báyìí, kò rántí ohun tí a sọ lọ́jọ́ náà, ṣùgbọ́n ó lè ka orúkọ àwọn mẹ́rẹ̀ẹ̀rin tí wọ́n wá fún ọ.

Nígbà ìyẹn, kò sí ẹni tí ó ní kí a kọ́kọ́ wádìí bóyá ọmọ náà fẹ́ràn Ifá lóòótọ́ kí a tó gbà á sílẹ̀. Kò sí ẹni tí ó ní bóyá bí a bá já ìdè náà pátápátá ni ìyà yóò tán. A mọ̀ pé ẹni tí ń nà án ni ó jẹ̀bi. Kí ló dé tí ìmọ̀ yẹn fi ń fò kúrò lórí wa bí ọmọ náà bá jẹ́ ọmọkùnrin tí ó ń rìn bí obìnrin?

Mo ti sọ fún àwọn awo tí a jọ ń ṣe ìtàdógún pé n kò ní gba owó ẹbọ kankan mọ́ lọ́wọ́ òbí tí ó bá fẹ́ kí n fi ẹbọ tún irú ọmọ bẹ́ẹ̀ mọ. Àwọn kan bínú. Ọ̀kan ní mo ń dí ọ̀nà oúnjẹ. Ó ṣeé ṣe. Ẹbọ tí a mọ̀ ni èyí tí ń tún ọ̀nà ṣe fún orí ènìyàn. Èyí tí a fẹ́ fi gba orí lọ́wọ́ ẹlẹ́dàá, kí a fi òmíràn dípò, n kò rí i kọ́ lọ́dọ̀ olúwo mi. Ohun tí mo sì mọ̀ pé ó máa ń tẹ̀lé e kò dára: ọmọ náà á gba gbẹ́rẹ́, wọ́n á fi ewé wẹ̀ ẹ́, wọ́n á gbààwẹ̀ fún un, kò ní yí padà, baba rẹ̀ á wá gbà pé àfojúdi ni. Ẹgba á le sí i. Àwọn mìíràn á sá kúrò nílé lọ sí Adó tàbí Àkúrẹ́ láìmọ ẹnì kankan níbẹ̀.

Ohun tí mo ń bẹ̀bẹ̀ fún kò tóbi. Bí wọ́n bá nà ọmọ kan ní àdúgbò wa nítorí ohun tí wọ́n fura sí nípa rẹ̀, kí àgbà mẹ́rin wọ aṣọ funfun, kí wọ́n lọ bá ọ̀gá ilé-ìwé. Kí wọ́n mú baba tàbí ìyá ọmọ náà dání. Wọn kò ní láti ṣàlàyé irú ẹni tí ọmọ náà jẹ́, nítorí ìyẹn kọ́ ni wọ́n bá wá. Bí ó bá jẹ́ òpó iná ni wọ́n ti ń dè é, kí wọ́n lọ bá baálé àdúgbò. Kí a sì kìlọ̀ fún àwọn ọmọ tiwa nílé, nítorí mo mọ̀ pé nínú àwọn tí ń juwọ́ lu ọmọ ẹlòmíràn, àwọn tí ìdè wà lọ́wọ́ wọn wà níbẹ̀. Àwọn àgbà wa ní ọmọ ẹni kì í ṣèdí bẹ̀bẹ̀rẹ̀ ká fi ìlẹ̀kẹ̀ sídìí ọmọ ẹlòmíràn. A máa ń pa òwe yìí bí ọmọ ẹni bá rẹwà tàbí bí ó bá ṣàṣeyọrí. Ìdí ọmọ tí ìlú ń fi ṣe yẹ̀yẹ́ náà ń retí ìlẹ̀kẹ̀.

Bí òbí bá gbé irú ọ̀rọ̀ yìí wá sọ́dọ̀ mi báyìí, kí n tó gbé ọ̀pẹ̀lẹ̀, mo máa ń ní kí ọmọ náà lọ jókòó ní ìta ná, kí wọ́n fún un ní omi mu. Màá wá bi baba tàbí ìyá rẹ̀ léèrè pé: “Kí ni orúkọ ẹni tí ó nà án?” Ọ̀pọ̀ wọn kò mọ̀. Wọ́n mọ ohun tí wọ́n pè é, wọ́n mọ fídíò tí wọ́n yà, wọ́n mọ ẹni tí ó fi tó wọn létí. Ẹni tí ó gbé ọwọ́ lé ọmọ wọn, wọn kò béèrè. Màá ní kí wọ́n lọ jókòó ti ọmọ náà níta, kí wọ́n béèrè lọ́wọ́ rẹ̀, kí wọ́n sì gbọ́ ọ tán. Bí wọ́n bá padà wọlé, a ó dífá.